Ohùn Rẹ̀ Wọ Ilé Ọlọ́run, Òun Dúró Síta

Agogo ni wọ́n ń pè é, nítorí ohùn rẹ̀. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti fi Yorùbá sí ẹnu àwọn òṣèré ilẹ̀ òkèèrè nínú fíìmù. Nígbà tí ìjọ kan fẹ́ kí fíìmù ìgbésí ayé Jésù yé àwọn àgbà wọn, òun ni wọ́n pè kó wá sọ ọ̀rọ̀ Olúwa.

Ọ̀mùtí paraku sì ni. Ọtí ló fi ń ṣan ọ̀fun kó tó wọ yàrá ìgbohùnsílẹ̀. Yóò tẹjú mọ́ ẹnu òṣèré náà. Bí ètè yẹn bá là, tirẹ̀ náà á là. Bó bá pa dé, tirẹ̀ náà á pa dé.

Lọ́jọ́ kan, ọ̀rẹ́ rẹ̀ tó ń gba ohùn sílẹ̀ dá ẹ̀rọ dúró. “Agogo, ètè ẹ bá ti òṣèré mu régí. Ọkàn ẹ ńkọ́?”

“Ọkàn ò sí nínú àdéhùn wa! Pásítọ̀ ẹ̀rọ, tan nǹkan ẹ jàre.”

Ọ̀rẹ́ rẹ̀ kò rẹ́rìn-ín. “Ìyá ẹ máa wá gbọ́ ọ o.”

Afọ́jú ni ìyá rẹ̀. Láti ọjọ́ tí ìyá ti kìlọ̀ ọtí fún un, tí òun sì jágbe mọ́ ìyá, Agogo kò fẹsẹ̀ kan ilé ìyá rẹ̀ mọ́.

Lọ́sàn-án ọjọ́ tí wọ́n fi fíìmù náà hàn, Agogo dúró lẹ́nu ọ̀nà gbọ̀ngàn ìjọ, kó lè gbọ́ ìyìn. Bí ohùn Olúwa ṣe ń pe àwọn tí ẹrù ń wọ̀ lọ́rùn, arúgbó kan dìde níwájú.

“Ọmọ mi nìyẹn! Ẹ bá mi dúpẹ́, ó ti jáwọ́! Ọ̀mùtí ò lè pe èèyàn báyìí.”

Gbogbo gbọ̀ngàn pàtẹ́wọ́. Ìtìjú da Agogo bò bí omi gbígbóná. Ó yíjú pé kóun sá, ó tún padà. Ó wọlé, ó kúnlẹ̀ níwájú ìyá rẹ̀, ó pè é.

Ìyá fọwọ́ wá ojú rẹ̀, ó ń rẹ́rìn-ín. Ó tẹrí ba kó lè fi ẹ̀rẹ̀kẹ́ kan tirẹ̀. Òórùn ọtí kọ lù ú. Ọwọ́ rẹ̀ dúró.

“Àṣé ohùn nìkan ni wọ́n rí gbà lọ́wọ́ ẹ.”

Àtẹ́wọ́ dá. Lójú fíìmù, ohùn Agogo ṣì ń pe ẹlẹ́ṣẹ̀.

“Màámi,” ló wí, omijé ń dà, “ohun tí mò ń sọ yẹn, òní ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ gbọ́ ọ. Jésù, èmi náà rèé. Gbà mí.”

Ìyá kò gbé ọwọ́ kúrò lójú ọmọ rẹ̀.

Ìyá náà ti lọ sinmi báyìí. Kó tó lọ, ó gbọ́ àdúrà lẹ́nu Agogo, kò sì gbóòórùn ọtí níbẹ̀ mọ́.

Ìwọ tí ò ń ka ìwé yìí, bóyá àmín tìrẹ ló ń ròkè jù nínú ìjọ. Bí ẹni tó fẹ́ràn rẹ bá sún mọ́ ọ, kí ni yóò gbóòórùn rẹ̀? Má ṣe dúró dìgbà tí ọwọ́ náà kò ní sí mọ́. Kúnlẹ̀ níbi tí o wà, kí o ronú pìwà dà lónìí. Èdè tí ìyá rẹ fi tọ́ ọ ni Jésù fi ń pè ọ́ yìí. O kò lè sọ pé kò yé ọ.