Irọ́ Tí Akọ̀wé Pa Lọ́jọ́ Ìdìbò

Sátidé kan lọ́dún 1982 ni àwọn olóbì Mákùn, ní Ṣàgámù, fẹ́ yan alága tuntun fún ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù wọn. Lásúnkànmí, tísà tó ti fẹ̀yìn tì, ni akọ̀wé. Ó jẹun tán, ó gbé báàgì há abíyá, òun àti Oyèbọ̀dé àbúrò rẹ̀ jọ ń tàkúrọ̀sọ lọ sípàdé. Ìwé orúkọ ọmọ ẹgbẹ́ wà nínú báàgì yẹn.

Ohun tí Oyèbọ̀dé kò mọ̀ ni pé Fàsásì, alága tó wà lórí oyè, ti wá bá ẹ̀gbọ́n rẹ̀ nílé lọ́jọ́bọ̀. Fàsásì ló bá Lásúnkànmí wá iṣẹ́ fún Láídé ọmọ rẹ̀ ní ilé iṣẹ́ kan ní Ògijo. Kò ní kó yí ìbò. Ohun tó tọrọ kò ju pé kí ìwé orúkọ má jáde lọ́jọ́ náà.

Nígbà tí wọ́n ní kí àwọn tó ń ṣe ti Fàsásì nawọ́, ọwọ́ pọ̀. Wúlẹ̀mọ̀tù, obìnrin olóbì tó ń bá a du ipò, dìde. Ó ní òun ń rí ojú tí òun kò rí rí nínú ẹgbẹ́, ó bẹ̀bẹ̀ pé kí akọ̀wé pe orúkọ.

Gbogbo ojú yí sí Lásúnkànmí. Oyèbọ̀dé náà rọra bẹ̀ ẹ́ pé, "Bùrọ̀dá, ẹ pe orúkọ."

"Mo gbàgbé ìwé náà sílé," ló dáhùn.

Ibẹ̀ ni ìjà ti bẹ́ sílẹ̀. Àwọn kan ń pariwo ojóoro, àwọn mìíràn ti gbá ara wọn lọ́rùn aṣọ mú. Oyèbọ̀dé bọ́ sáàárín láti là wọ́n. Ẹnìkan gbé bẹ́ǹṣì; ẹni tó fẹ́ fi lù yẹra, orí Oyèbọ̀dé ló bà. Báàgì ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ni wọ́n fi gbé orí rẹ̀ ró, ṣùgbọ́n kí wọ́n tó gbé e dé ọsibítù, ẹ̀mí ti bọ́.

Ọlọ́pàá mú ẹni tó gbé bẹ́ǹṣì. Kò sẹ́ni tó mú Lásúnkànmí. Ṣùgbọ́n láti ọjọ́ náà, bí wọ́n bá wọ́ bẹ́ǹṣì nílẹ̀ ní ṣọ́ọ̀ṣì, òógùn á bò ó. Bó bá jókòó ti oúnjẹ, á gbọ́ ohùn àbúrò rẹ̀ kedere lẹ́yìn ilẹ̀kùn: "Bùrọ̀dá, ẹ pe orúkọ." Yóò ṣílẹ̀kùn, kò ní bá ẹnì kankan.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, Yétúndé, opó Oyèbọ̀dé, wá bá a.

"Bàbá Láídé, èmi ni mo fọ ẹ̀jẹ̀ kúrò lára báàgì yín. Mo rí ìwé náà nínú rẹ̀. Mo ti ń retí kí ẹ sọ̀rọ̀."

Àgbà ọkùnrin náà dọ̀bálẹ̀ gbalaja fún ìyàwó àbúrò rẹ̀. Yétúndé kò ní kó dìde.

"Ẹ lọ wí i lójú ẹgbẹ́," ló ní.

Ó lọ wí i. Wọ́n yọ ọ́ nípò, wọ́n sì fagi lé ìbò. Ọ̀gbẹ́ni Akínbọ́lá, òṣìṣẹ́ ìjọba tó ń mójú tó àwọn ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù, wá là wọ́n lọ́yẹ̀.

"Ẹ lẹ orúkọ mọ́ ògiri ní ọ̀sẹ̀ méjì ṣáájú, kí gbogbo yín yẹ̀ ẹ́ wò. Ẹ má nawọ́ mọ́. Inú àpótí ni kí ìbò wà. Kí olùdíje kọ̀ọ̀kan ní àmì tirẹ̀ nítorí àwọn tí kò mọ̀wé. Ẹni tí kò du ipò ni kó kà á, lójú gbogbo yín. Ẹni tí ọkàn rẹ̀ kò bá balẹ̀, kó kọ̀wé sí wa, kó má bá ẹnikẹ́ni jà."

Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe é. Wúlẹ̀mọ̀tù wọlé, ẹnikẹ́ni kò pàtẹ́wọ́. Lásúnkànmí dìbò tirẹ̀, ó sì lọ sílé. Ohùn yẹn kò tíì dákẹ́.

Ẹ̀yin tí ẹ wà nínú ẹgbẹ́, ẹ béèrè ìwé orúkọ kí ọjọ́ ìbò tó pé. Bí ẹnì kan bá sì bẹ̀ yín pé kí ẹ ṣáà ti dákẹ́, ẹ má gbà fún un. Ọdún méjì péré ni wọ́n ń fi ṣe alága ní Mákùn. Oyèbọ̀dé kò ní padà mọ́ láéláé.