Àdàbà Mẹ́rin ní Ẹ̀yìnkùlé

Ìyìn kò ṣàìsàn kí ó tó kú. Ní ọ̀sán Ọjọ́bọ̀ kan, nígbà tí òjò àkọ́rọ̀ ti rọ̀ ní Ìjàn-Èkìtì tí gbogbo ènìyàn ń gbin nǹkan, ọmọ ọdún mẹ́fà náà ti ilé ẹ̀kọ́ dé, ó bọ́ aṣọ rẹ̀, ó mu ògì, ó sáré jáde lọ ṣeré. Kò pẹ́ tí wọ́n fi gbé e padà wá. Itọ́ ń dà lẹ́nu rẹ̀, òógùn bò ó, ọmọlójú rẹ̀ kéré bí orí abẹ́rẹ́, ara rẹ̀ sì ń gbọ̀n. Kí bàbá rẹ̀ tó rí ọ̀kadà tí yóò gbé wọn lọ sí Adó, ọmọ ti dákẹ́.

Monínúọlá, ìyá rẹ̀, a máa kọ́ àwọn ọmọdé ní Bíbélì ní ọjọ́ ìsinmi. Ó mọ orin ìsìnkú lórí láìṣí ìwé. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n ń da erùpẹ̀ bo ọmọ náà, orin kankan kò wá sí i lẹ́nu. Ìbéèrè kan ṣoṣo ló ń yí nínú rẹ̀: ta ni? Nítorí ní àárín wa, a kì í sábà béèrè ohun tó pa ọmọdé. Ẹni tó pa á la máa ń béèrè.

Bọ́sẹ̀ aránṣọ, tí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ kọjú sí ilé wọn, ló dá a lóhùn. Ó wá kí i ní ọjọ́ kẹta, ó jókòó tì í, ó sì rọra sọ̀rọ̀ bí ẹni tí kò fẹ́ kí ògiri gbọ́. Ṣé Ìyá Ìyìn ti ṣàkíyèsí pé adìyẹ mẹ́ta ló ti kú nínú ọgbà yìí lọ́sẹ̀ tó kọjá? Ṣé ó ti rí i pé ẹyẹ ń já bọ́ láti ojú ọ̀run?

“Ẹ̀gá méjì ni mo gbá kúrò lẹ́nu ọ̀nà mi lánàá,” ni Bọ́sẹ̀ wí. “Ẹyẹ kì í ṣubú lásán, Ìyá Ìyìn. Ìgbà wo ni màmá ọkọ yín kó dé?”

“Oṣù méjì.”

“Ẹ fúnra yín ṣírò rẹ̀.”

Màmá Adédoyin, ìyá ọkọ rẹ̀, ti fi ọdún méjìlélọ́gbọ̀n kọ́ni ní Ìmọ̀ Bíbélì ní Adó. Nígbà tí ọkọ rẹ̀ kú, ó fi ilé tí wọ́n háyà ní àdúgbò Adébáyọ̀ sílẹ̀, ó sì wá bá Olúmúyìwá ọmọ rẹ̀ gbé. Ó ga, ó gbẹ, kì í rẹ́rìn-ín fún ẹnikẹ́ni láti fi wu ú. Ìwé ni oúnjẹ rẹ̀. Bí wọ́n bá fi bébà di àkàrà fún un, yóò ka bébà náà tán kí ó tó jẹ àkàrà. Ní ọjọ́ tí Ìyìn kú, kò ké, kò ká ọwọ́ lérí. Ó jókòó ti òkú náà, ó ń wo ojú rẹ̀, ó ń wo ẹnu rẹ̀, bí ẹni tí ń wá ohun tó sọnù. Monínúọlá rántí ìwò yẹn báyìí, ara rẹ̀ sì bù máṣọ.

Lọ́jọ́ kejì ó wọ yàrá ìyá àgbà náà lọ gbálẹ̀, ó sì bá ìwé kan lábẹ́ ìrọ̀rí. Ìwé òyìnbó ni, ìwé tí wọ́n fi ń bẹ̀rẹ̀ ẹ̀kọ́ nípa àwọn abọ̀rìṣà ayé àtijọ́, nípa idán, àti bí ẹ̀sìn ṣe ti ìlú kan dé òmíràn. Àwòrán kún inú rẹ̀. Ọ̀pá irin kan wà níbẹ̀ tí ẹyẹ bà lórí rẹ̀ yíká. Ní ojú ewé mìíràn, ọkùnrin aláṣọ funfun kan bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ lórí ẹyẹ tí wọ́n là ní ikùn, ó ń wo ìfun rẹ̀. Ìwọ̀nba òyìnbó tí Monínúọlá gbọ́ tó fún un láti mọ ohun tó wà lábẹ́ àwòrán náà: bẹ́ẹ̀ ni àwọn ará àtijọ́ ṣe ń mọ ẹni tí yóò yè àti ẹni tí yóò kú. Wọ́n ti fi pẹ́ńsùlù fàlà sí i nídìí.

Ó ju ìwé náà sílẹ̀ bí ẹni tó di aláǹgbá mú. Ó lọ fi ọṣẹ fọ ọwọ́ rẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Lẹ́yìn náà ni ó padà wá, ó fi fóònù rẹ̀ ya àwòrán ojú ewé náà.

Nígbà tí Olúmúyìwá béèrè lọ́wọ́ ìyá rẹ̀ ní ìrọ̀lẹ́, ìyá náà ní ìjọ ló ní kí òun máa kọ́ àwọn ọ̀dọ́ ní ọjọ́ Àìkú, pé ẹni tí kò mọ inú òkùnkùn tí àwọn baba rẹ̀ wà, kò lè mọ iyì ìmọ́lẹ̀ tó ràn sí wọn. Ó sọ ọ́ bí olùkọ́, láìrawọ́ ẹ̀bẹ̀. Olúmúyìwá gbà. Ìyàwó rẹ̀ kò gbà.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, Monínúọlá gba ẹ̀yìnkùlé kọjá, ohun tó rí sì dá a dúró. Àdàbà mẹ́rin ló wà lórí bébà ìròyìn àtijọ́. Màmá Adédoyin lóṣòó tì wọ́n pẹ̀lú abẹ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́. Ó ti la ẹyọ kan láti ọrùn dé ikùn, ó sì ń fi ìka tí ẹ̀jẹ̀ ti gbẹ lé túlẹ̀ inú rẹ̀. Eṣinṣin ń kùn. Òórùn náà dé ẹnu Monínúọlá kí ó tó dé imú rẹ̀.

“Màmá, kí lẹ ń ṣe?”

“Mò ń wò ó ni.”

“Ẹ ń wo kí ni?”

Ìyá àgbà kò gbé ojú sókè. “Mi ò tíì mọ̀. Bí mo bá mọ̀ ọ́n, wàá gbọ́.”

Monínúọlá di ògiri mú, ó bì títí kò fi sí ohun tó kù nínú rẹ̀. Àdàbà, ẹyẹ tí ó sọ̀ kalẹ̀ lé Olúwa lórí ní odò! Láti ọjọ́ náà, kò lè jẹun ní yàrá tí obìnrin náà bá wà. Bí ó bá rí èékánná rẹ̀, a dìde kúrò níbẹ̀. Ìríra náà pọ̀ dé ibi pé kò lè gbàdúrà mọ́, ṣùgbọ́n ó rò pé àdúrà ni ìríra ọ̀hún.

Bọ́sẹ̀ ló mú un lọ sí Adó bá Wòlíì Òkìkíọlá, tí ó háyà gbọ̀ngàn kan ní àdúgbò Fájuyì. Ẹran dídín ni wòlíì náà ń jẹ nígbà tí wọ́n wọlé. Ó nu ìka rẹ̀ sára aṣọ funfun, ó gba fóònù, ó wo àwòrán náà, ó sì rẹ́rìn-ín. Epo ọwọ́ rẹ̀ kù sójú fóònù. Monínúọlá rí i, ó sì gbójú kúrò. Wòlíì ní ẹni tí ń ka ìfun ẹyẹ ti jẹ ọ̀kan, yóò sì jẹ èkejì. Ní ọjọ́ Àìkú kí wọ́n mú ìyá náà wá mu omi ìbúra, kí ó sì kó jáde. Kó tó di ìgbà náà, kí ọmọ tó kù má ṣe gba oúnjẹ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni.

“Ọwọ́ tìrẹ nìkan ni kó ti máa jẹun,” ni ó wí. “O gbọ́? Tìrẹ nìkan.”

Oore-ọ̀fẹ́, ọmọ ọdún mẹ́ta, ni ọmọ tó kù. Láti ìgbà ọ̀fọ̀, iyán àti ọbẹ̀ màmá àgbà ló ń jẹ, àti oúnjẹ tí àwọn aládùúgbò ń gbé wá. Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, Monínúọlá já àwo kúrò níwájú rẹ̀. Ó lọ sídìí ike ògì rẹ̀, èyí tí ó ti ń ṣẹ́ omidùn rẹ̀ tí ó sì ń pààrọ̀ omi rẹ̀ láti ọjọ́ tí Ìyìn ti kú. Ó ro ògì, ó fi ṣúgà sí i, ó sì fún ọmọ rẹ̀ mu.

Ní òwúrọ̀, ọmọ náà bì. Nígbà tó di ọ̀sán, itọ́ ń dà lẹ́nu rẹ̀.

Olúmúyìwá rí itọ́ náà. Ó ti ń sọ látàná pé ìyá òun ni, òun kò lè lé ìyá òun. Báyìí ó ní òun ń lọ wá mọ́tò tí yóò gbé ọmọ lọ sí Adó. Lẹ́nu ọ̀nà ó yíjú padà, ó ní mọ́tò kan náà lè gbé màmá pẹ̀lú.

Monínúọlá kò fẹ́ kí ọmọ rìn lọ pẹ̀lú ikùn òfìfo. Kí la sì ń fún aláìsàn bí kò ṣe ògì? Ó rò ó, ó gbé ife sí ọmọ lẹ́nu. Ìgbà náà ni Màmá Adédoyin ti ilẹ̀kùn wọlé, àwo kékeré lọ́wọ́ kan, bébà lọ́wọ́ kejì.

“Má fún un.”

“Ẹ jáde, Màmá.”

“Má fún un, Ìyá Ìyìn.”

Ìyá àgbà náà na ọwọ́, ó gbá ife dànù. Ògì gbígbóná dà sórí ẹní. Monínúọlá dìde, ó sì gbá ìyá ọkọ rẹ̀ létí. Ìró rẹ̀ dún nínú yàrá. Láti ọjọ́ tí wọ́n ti dá Ìjàn sílẹ̀, kò sí ìyàwó tí í ṣe irú nǹkan bẹ́ẹ̀ kí ilẹ̀ má gbọ́.

Màmá Adédoyin kò fọwọ́ kan ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀. Ó gbé àwo náà kalẹ̀. Hóró àgbàdo bíi mẹ́wàá ló wà nínú rẹ̀, wọ́n ti wú, àwọ̀ pupa bí osùn ṣì lẹ̀ mọ́ wọn lára.

“Nínú ọ̀nà ọ̀fun àdàbà mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ni mo ti mú wọn,” ni ó wí. “Àgbàdo tí ọkọ rẹ gbìn ni. Mo lọ wá àpò rẹ̀ nínú yàrá ẹrù, mo ka ohun tí wọ́n kọ sí i. Oògùn ni wọ́n fi pa á lára, pé ẹran kò gbọdọ̀ jẹ ẹ́, ènìyàn kò gbọdọ̀ jẹ ẹ́. Àpò náà ti ṣófo. Ìyá Ìyìn, níbo ni ìyókù àgbàdo náà wà?”

Monínúọlá wo ògì tó dà sórí ẹní. Olúmúyìwá ti sọ fún un kí ó wa ilẹ̀ sin ìyókù náà. Ta ní í sin oúnjẹ? Gbogbo ẹ̀wà ọjà ló ní oògùn kòkòrò lára, fífọ̀ la sì ń fọ̀ ọ́ ká tó sè é. Ó fọ àgbàdo náà ní omi méje, títí pupa rẹ̀ fi ṣí tí omi fi mọ́ gaara. Ó rẹ ẹ́ fún ọjọ́ mẹ́ta. Ó lọ̀ ọ́, ó sẹ́ ẹ, ó da èérí rẹ̀ fún adìyẹ. Òun fúnra rẹ̀ tọ́ ọ wò ní ṣíbí kan, orí fọ́ ọ, ó sì pè é ní àárẹ̀ ọ̀fọ̀.

Ó wo ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì. Ìríra tí ó ti ń kó jọ fún ẹlòmíràn láti ọjọ́ yìí wá kò rí ibòmíràn lọ mọ́.

Mọ́tò dé. Màmá Adédoyin ló gbé ọmọ, Monínúọlá kò lè gbé e, ó ní òun kò fẹ́ fọwọ́ kàn án. Ní ilé ìwòsàn ní Adó, dókítà gba bébà tí wọ́n gé lára àpò náà, ó kà á lẹ́ẹ̀kan, ó sì pè fún abẹ́rẹ́. Ó ní bí wọ́n bá ti pẹ́ sí i ní wákàtí kan, ọ̀rọ̀ mìíràn là bá máa sọ. Ọjọ́ mẹ́rin ni Oore-ọ̀fẹ́ lò níbẹ̀. Ní ọjọ́ karùn-ún ó béèrè iyán.

Ṣùgbọ́n ẹnu kì í kú. Kí wọ́n tó dé Ìjàn ni Bọ́sẹ̀ ti ní àlàyé. Wòlíì náà pè lórí fóònù, ohùn rẹ̀ dùn bí oyin: àwọn àjẹ́ kì í fi ọwọ́ ara wọn ṣe é, ọwọ́ ìyá ọmọ ni wọ́n ń yá, àánú rẹ̀ ń ṣe òun, kì í ṣe ẹ̀bi rẹ̀ rárá. Monínúọlá gbọ́ ọ tán. Olúmúyìwá náà ń gbọ́. Ojú rẹ̀ ń bẹ̀ ẹ́ pé kó gbà bẹ́ẹ̀, kí ó lè sùn, kí òun náà lè sùn. Ó dùn mọ́ etí, èyí gan-an ló rí i lára. Monínúọlá rántí ìka tí wòlíì ń nù sára aṣọ funfun. Ó pa fóònù náà.

Ní ọjọ́ Àìkú, lẹ́yìn ìsìn, ẹgbẹ́ obìnrin ìjọ jókòó. Ààrẹ ẹgbẹ́ ní kí wọ́n dúpẹ́ pé Ọlọ́run gba Oore-ọ̀fẹ́ lọ́wọ́ àwọn tó yá ọwọ́ ìyá rẹ̀ lò. Gbogbo wọn ṣe àmín. Ojú wọn yí sí bẹ́ǹṣì ẹ̀yìn, níbi tí Màmá Adédoyin wà.

Monínúọlá dìde.

“Ẹnikẹ́ni kò yá ọwọ́ mi,” ni ó wí. “Ọkọ mi ní kí n sin àgbàdo yẹn, mi ò sin ín. Mo fọ̀ ọ́, mo lọ̀ ọ́, mo rò ó, mo fún Ìyìn. Mo pe ìyá tó wá ohun tó pa ọmọ mi ní àjẹ́. Mo gbá a létí. Ọwọ́ mi ni.”

Ààrẹ ẹgbẹ́ ní kí ó má sọ bẹ́ẹ̀, pé ọ̀tá ń bẹ láyé.

“Kò sí ọ̀tá kankan nídìí ìkòkò mi, Màmá Ààrẹ. Èmi nìkan ni mo wà níbẹ̀.”

Ó rìn gba àárín wọn kọjá, ó lọ sí bẹ́ǹṣì ẹ̀yìn. Àwọn obìnrin mẹ́ta tó jókòó síbẹ̀ wò ó láti òkè dé ilẹ̀, wọ́n di ìró wọn mú kí ó má baà kàn án, wọ́n sì ṣí lọ sí iwájú. Màmá Adédoyin kò sọ pé kò sí nǹkan, nítorí nǹkan wà. Ó kàn sún díẹ̀, àyè sì gba ìyàwó ọmọ rẹ̀.