Òdòdó Tó Dijú

Orí eékún ni ọkùnrin náà wà nígbà tí Ràbíátù kọ́kọ́ rí i, ní gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ Òkè Màpó. Ó ń já òdòdó dànù bí ẹni ń ṣa òkúta kúrò nínú ìrẹsì. Òdòdó funfun tó rẹwà báyìí! Ràbíátù ò lè mú un mọ́ra.

"Ẹ jọ̀ọ́, kí ni òdòdó ṣe yín?"

Ọkùnrin náà gbójú sókè, ó rí ọmọge tó ru igbá fìlà, ó rẹ́rìn-ín. "Àwọn tó ti gbó ni mò ń já, kí tuntun lè ráyè yọ. Ẹ ò rí i pé bí ẹ ṣe dé ni méjì tún yọ?"

"Ẹ ò ní pa mí lẹ́rìn-ín!" Bẹ́ẹ̀ ó ti pa á lẹ́rìn-ín ná.

Fàsásì lorúkọ rẹ̀, ọmọ àdúgbò Bẹyẹrúnká, gádínà lọ́dọ̀ òyìnbó kan. Désì ni wọ́n ń pe òdòdó náà. Kì í nàró. Ilẹ̀ ló ń fà lé, ibi tí ẹ̀ka rẹ̀ bá sì ti fara kan ilẹ̀, ibẹ̀ ló ti ń ta gbòǹgbò. Oòrùn ló fẹ́, kò fẹ́ omi àmujù. Láti ọjọ́ náà ni Ràbíátù ti ń gba Màpó lọ sí Ọjà'ba lọ́sàn-án gangan, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọ̀nà ibẹ̀ jìn ju èyí tó ń gbà tẹ́lẹ̀ lọ. Kí oṣù mẹ́ta tó pé, Àbẹ̀kẹ́, oríkì rẹ̀, ni Fàsásì ń pè é.

Bàbá Sàlámì, bàbá Ràbíátù, aránfìlà ni ní Bẹẹrẹ. Èèyàn dáadáa ni, ẹnu rẹ̀ nìkan ló mú. "Òdòdó? Ṣé wọ́n ń fi í se ọbẹ̀ ni?" Nígbà tí wọ́n wá gbé òyìnbó náà lọ sí Kàdúná, tó fẹ́ mú Fàsásì dání, ọ̀rọ̀ di ńlá.

"Mi ò ní fọmọ mi fún ẹni tí yóò gbé e lọ sókè Ọya," ni Bàbá Sàlámì wí. "Kó sọ bóyá ó ń lọ tàbí ó ń dúró. Kó má kọ lẹ́tà o, mi ò mọ̀wé. Kó fi àrokò ránṣẹ́, bí àwọn bàbá wa ti ń ṣe. Ọjọ́bọ̀ ni mo dá fún un. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, àwọn ẹbí Sàídì tó ń ta aṣọ ní Gbági ń bọ̀ wá tọrọ ọmọ mi lọ́jọ́ Jímọ̀, màá sì dá wọn lóhùn."

Lọ́jọ́bọ̀, Morádéyọ̀, ọ̀rẹ́ Ràbíátù tó jẹ́ alárinà wọn, gbé agolo kan wọlé tòun ti òjò lára. Kò sọ nǹkan kan, torí ẹni tó ru àrokò kì í túmọ̀ rẹ̀. Ẹ̀ka désì kan ló wà nínú agolo náà, òdòdó kan ṣoṣo lórí rẹ̀. Àmọ́ òdòdó náà ti ká jọ, ó dì pinpin. Ràbíátù ò rí i bẹ́ẹ̀ rí. Inú oòrùn ọ̀sán ló máa ń rí i.

Bàbá Sàlámì yí agolo sọ́tùn-ún, ó yí i sósì. Ohùn rẹ̀ rọ̀. "Ọmọ mi, ó ti dijú sí wa. Ó ń lọ nìyẹn."

Ọkàn Ràbíátù gbọgbẹ́. Ó gbé agolo náà lọ sẹ́yìnkùlé láti dà á nù, ọwọ́ rẹ̀ ò gbà. Ó gbé e sórí ògiri, ó jókòó tì í, ó sunkún títí ojú rẹ̀ fi wú.

Nígbà tí ilẹ̀ Jímọ̀ mọ́, oòrùn yọ. Ràbíátù jáde láti lọ pọnmi, ó sì dúró sójú kan. Òdòdó náà ti là gbàgàdà.

"Bàbá! Ẹ wá o! Ó ti lajú!"

Bàbá jáde tòun ti búúta àlùwàlá lọ́wọ́. "Àṣé ńṣe ló sùn?"

"Òjò ló jẹ́ kó sùn, Bàbá." Ó fi ìka tú erùpẹ̀ agolo náà díẹ̀. Gbòǹgbò funfun wẹẹrẹwẹ yọ. "Ẹ wò ó. Ẹni tó ń lọ kì í fi gbòǹgbò ránṣẹ́."

Bàbá Sàlámì rẹ́rìn-ín títí búúta fẹ́rẹ̀ẹ́ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. "Díẹ̀ ló kù kí n fi ìkánjú ba ọ̀rọ̀ jẹ́. Ohun a fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́." Ó bẹ àwọn ẹbí Sàídì pé kí wọ́n má bínú. Ó wá mú fìlà tó dára jù nínú igbá, ó ní kí Morádéyọ̀ gbé e lọ sí Bẹyẹrúnká, kó má sọ nǹkan kan.

Lẹ́yìn ìrun Jímọ̀, Fàsásì dé. Fìlà náà tóbi, ó bò ó létí. Ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja. Ó ní òun ò lọ sí Kàdúná mọ́, òun ti ríṣẹ́ lọ́dọ̀ òyìnbó mìíràn ní Àgodi. Ìgbà tó dìde ló rí Ràbíátù.

"Àbẹ̀kẹ́, kí ló wú ọ lójú?"

"Ẹ̀yin ni! Gádínà wo ni kì í wojú ọ̀run kó tó ránṣẹ́?"

Fàsásì káwọ́ lérí. "Mo gbàgbé pé ó máa ń dijú lójò! Ayọ̀ ló gbà mí lọ́kàn."

"Ẹ má gbàgbé mọ́ o." Bẹ́ẹ̀ ni ẹ̀rín ti gba ojú tó wú yẹn.

Lẹ́yìn Ìtúnu Ààwẹ̀ ni wọ́n so yìgì wọn. Désì náà sì ti kúrò nínú agolo, ó ti fà yí ojúde Bàbá Sàlámì ká. Bó bá di ìrọ̀lẹ́ tó ká jọ, tí àlejò kan sì ń kẹ́dùn pé òdòdó ilé yìí ti kú, Bàbá kì í gbé ojú kúrò lórí abẹ́rẹ́ rẹ̀.

"Má tíì túmọ̀ rẹ̀," ló máa ń wí. "Jẹ́ kílẹ̀ mọ́ ná."