Yìgì Orí Telifíṣọ̀n

"Ẹ̀yin lẹ ń kọ eré Nàfíù? Irọ́ ńlá! Orí ara rẹ̀ ló ti ń mú u wá jàre."

Ọ̀rọ̀ tí Mùnírátù kọ́kọ́ bá Tàjùdíìnì sọ nìyẹn, lọ́jọ́ tó wá tọrọ àgbàlá bàbá ọmọbìnrin náà ní Ìgàndó láti fi ya eré. Ọdún 1987 ni. Lálẹ́ Ọjọ́bọ̀, gbogbo Alímọ̀ṣọ́ ló ń wo eré apanilẹ́rìn-ín náà lórí telifíṣọ̀n, ṣùgbọ́n ojú Nàfíù òṣèré ni wọ́n mọ̀. Ta ló mọ Tàjù tó ń kọ ọ́, tó tún jẹ́ olóòtú rẹ̀? Ẹni tó gbé oúnjẹ wá là ń kí, a kì í béèrè ẹni tó wà nídìí ààrò.

Tàjù bú sẹ́rìn-ín. Ìfẹ́ ọmọ náà kó sí i lórí lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Kò pẹ́ tó fi fà á wọ inú eré, kó lè máa rí i. Nígbà tó yá, ó ń pè é ní Àbẹ̀ní, wọ́n sì fẹnu kò pé tí ààwẹ̀ bá parí, ẹbí Tàjù á wá tọrọ rẹ̀.

Àṣejù, baba àṣetẹ́. Tàjù kọ ibì kan tí Nàfíù ti máa gbé Mùnírátù níyàwó, ó ní àfi kí yìgì náà jọ yìgì. Ó bẹ Àlàájì Jìnádù, bàbá Mùnírátù gan-an, kó wá ṣe bàbá ìyàwó. Àwọn àbúrò rẹ̀ jókòó tì í. Àlàájì kì í ṣe òṣèré, ńṣe ló ń gbàgbé orúkọ inú eré ṣáá.

"Bàbá, ẹ pe orúkọ tí ẹ mọ̀," ni Tàjù wí. "Ẹ̀rín làwọn èèyàn ń wá."

Àlàájì bá sọ ọ́ ketekete pé òun fi Mùnírátù ọmọ òun fún Nàfíù. Mùnírátù ní òun gbà, Nàfíù náà ní òun gbà. Nàfíù tọwọ́ bàpò, kò bá nǹkan kan níbẹ̀. Àpò Tàjù ni owó sàdáàkì ti jáde. Ẹ ò rí ayé!

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì tí wọ́n fi í hàn lórí telifíṣọ̀n, Lemọ́ọ̀mù àdúgbò ti dé.

"Àlàájì, ẹ kú oríire. Ta lẹ fọmọ fún lánàá?"

"Àwàdà mà ni, Lemọ́ọ̀mù."

"Ànábì ní kò sí àwàdà nínú yìgì. Ẹ fi í fún un, àwọn ẹlẹ́rìí gbọ́, sàdáàkì dé. Aya Nàfíù ni."

Nígbà tí Tàjù wá dọ̀bálẹ̀, àánú rẹ̀ ṣe Àlàájì. "Ọmọ mi, ẹyin lọ̀rọ̀, bó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́. Ìwọ lo ní kí n pe orúkọ. Ṣé kí n wá fún ẹ níyàwó oníyàwó?"

Nàfíù ní tirẹ̀ ò fọ̀rọ̀ sábẹ́ ahọ́n. "Ọ̀gá, ó ti pẹ́ tí mo ti fẹ́ràn rẹ̀. Ìyá mi sì ti ń dúpẹ́."

Tàjù ò lè jẹun mọ́. Mùnírátù ló ronú kan ọ̀nà kan.

"Bọ̀dá Tàjù, Lemọ́ọ̀mù ní ìkọ̀sílẹ̀ náà ò ní àwàdà. Ẹ kọ ọ́ sínú eré kó kọ̀ mí. Tó bá ti jáde lẹ́nu rẹ̀, ó tán."

Tàjù kọ ọ́. Nàfíù kà á. Lọ́jọ́ tí wọ́n yà á, Mùnírátù kúnlẹ̀ níwájú rẹ̀. "Mo kọ̀ ẹ́ sílẹ̀" péré ló kù kí Nàfíù sọ.

Nàfíù họrí. Ó wo ẹ̀yìn kámẹ́rà níbi tí Tàjù dúró sí.

"Ìyàwó tí ẹlòmíì bá mi san sàdáàkì rẹ̀! Ṣé orí mi dàrú tí n óo fi dá a padà ni?"

Ẹni tó ń ya eré fẹ́rẹ̀ẹ́ ju kámẹ́rà sílẹ̀. Àwọn tó gbé iná dìmọ́ ara wọn, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Tàjù gan-an, ẹ̀rín bọ́ lẹ́nu rẹ̀ kó tó mọ̀. Nígbà tó máa fọwọ́ bo ẹnu, Mùnírátù ti rí i.

"Bọ̀dá Tàjù, ẹ̀yin náà rẹ́rìn-ín."

"Àbẹ̀ní mi, dárí jì mí. Kò sí nínú ohun tí mo kọ."

"Mo mọ̀. Orí ara rẹ̀ ló ti mú u wá." Ó fi ìborùn nu ojú. "Ṣé ẹ máa yọ ọ́ kúrò?"

Tàjù yíjú sí kámẹ́rà. Mùnírátù dìde, ó tẹ̀lé ọkọ rẹ̀.

Nígbà tó di Ọjọ́bọ̀, gbogbo Ìgàndó rẹ́rìn-ín sí i.