Bàtà Tí Mọ́mì Wọ̀ Bọ̀ Láti Ṣọ́ọ̀ṣì

Bí Ezekiel, ọmọ tó ṣáájú Moráyọ̀, ṣe ka ìlà kejì eré rẹ̀ ni àyà Moráyọ̀ já. Ìlà náà gan-an ló wà nínú ìwé ọwọ́ tirẹ̀! Jeremiah, ọ̀rẹ́ Moráyọ̀, tó rí eré ọlọ́pàá kan lórí íńtánẹ́ẹ̀tì tó sì dà á kọ fún un, ti fún Ezekiel náà ní irú rẹ̀.

Gbọ̀ngàn kan ní Tavy Bridge, nílùú òyìnbó, ni wọ́n wà, lọ́dún 2016. Ọ̀gbẹ́ni Quintana, ará Mẹ́síkò tó ń kọ eré sinimá tó sì ń ṣe é, fẹ́ mú ọmọ kan ṣoṣo tí yóò kópa nínú fíìmù rẹ̀. Moráyọ̀ fẹ́ àyè yìí ju oúnjẹ lọ. Ọkùnrin náà ti sọ fún wọn pé ọdún mọ́kànlá lòun fi ń gbé àwo oúnjẹ wọlé nínú eré ẹlòmíì, láìsọ gbólóhùn kan. Nígbà tó sú u, ó kọ eré nípa ìyá rẹ̀ tó ń ta àgbàdo sísun, òun fúnra rẹ̀ ló sì ṣe ìyá. Ibẹ̀ ni ayé ti mọ̀ ọ́n.

"Kí kálukú yín kọ eré tirẹ̀ wá. Ẹ kọ ohun tí ẹ mọ̀," ló ti wí fún wọn.

Ṣùgbọ́n ojú ń ti Moráyọ̀ láti kọ nípa ìyá tirẹ̀, Mọ́mì Patricia, tó ń tọ́jú arúgbó, tó ń wọ sùtánà lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì Aládùúrà. Ìdí nìyẹn tó fi gba èyí tí Jeremiah dà kọ.

"Moráyọ̀, ó kàn ẹ́," ni Quintana pè é.

Jeremiah sọ ọ́ sí i létí: "Fam, just say ara ẹ ò yá. Jẹ́ ká move."

Moráyọ̀ dìde. "Sir, ẹ má bínú. Èyí tí Ezekiel kà yẹn náà ló wà lọ́wọ́ mi. Àdàkọ ni."

Quintana gba ìwé náà, ó ká a sápò. "O ṣeun tí o sọ òótọ́. Wá sọ ohun tí o mọ̀: kí ló ṣẹlẹ̀ nílé yín ní Sunday?"

Ẹ̀rín bọ́ lẹ́nu Moráyọ̀. Ẹnu ọ̀nà ni wọ́n ń bọ́ bàtà sí ní ṣọ́ọ̀ṣì wọn, ẹnìkan sì ti ṣèèṣì wọ bàtà Mọ́mì lọ. Kíá, Moráyọ̀ di Mọ́mì: "Ẹ̀yin ará nínú Olúwa, ta ló wọ bàtà mi o?" Ó ṣe bí Mọ́mì ṣe ki ẹsẹ̀ bọ bàtà ńlá tí Wòlíì Adétòkunbọ̀ yá a, tó ń wọ́ ọ lọ sínú bọ́ọ̀sì. "Driver, good afternoon. Kí lẹ̀ ń wò? It's the latest fashion!" Jeremiah gan-an rẹ́rìn-ín títí ó fi jábọ́ lórí àga.

Quintana nu omijé ẹ̀rín. "Ìwọ ni mo mú. Ṣùgbọ́n wàá fọwọ́ ara rẹ kọ ọ́ sílẹ̀ kó tó di ọ̀la."

Nígbà tí Moráyọ̀ délé wọn ní Barnfield, tó ròyìn, Mọ́mì pariwo: "Ọ̀rọ̀ bàtà mi lo lọ sọ fún òyìnbó?" Lẹ́yìn náà ló gbá a mọ́ra, tayọ̀tayọ̀. "Ohun a ní là ń náání, ọmọ mi, ọmọ aṣẹ́gi ń náání èèpo igi."

Moráyọ̀ gbà pẹ̀lú rẹ̀. Iṣẹ́ olóníṣẹ́ ìbá ti dójú tì í; òótọ́ àti ìtàn ilé ara rẹ̀ ló gbé e ga.