Iwin Tó Kọ̀ Láti Pòórá

"Ta ni yóò gbà pé obìnrin ló ń ṣe é?" Olúmúyìwá ń fa agbádá rẹ̀ wọ̀, kò tiẹ̀ wo ojú ìyàwó rẹ̀. "Jókòó sídìí kọ̀ǹpútà rẹ, Mojíre. Èmi ni wọ́n mọ̀."

Òun ni wọ́n mọ̀ lóòótọ́. Fíìmù mẹ́rin ni Mojíre ti fi kọ̀ǹpútà ṣe idán sí nínú yàrá wọn ní Òkè-Ogbo: iná ń yọ lójú àǹjọ̀nú, èèyàn ń di ewúrẹ́. Nínú mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, orúkọ ọkọ rẹ̀ ni wọ́n kọ síparí. Ọkùnrin tí kò mọ ibi tí wọ́n ti ń tan ẹ̀rọ náà! Agbádá nìkan ló mọ̀ ọ́n wọ̀.

"Nínú ìkarùn-ún yìí, ẹ jẹ́ kí wọ́n kọ orúkọ tèmi," ni Mojíre bẹ̀ ẹ́. "Ohun tí mò ń tọrọ kò ju ìyẹn lọ."

Fàòsíyà bú sẹ́rìn-ín lẹ́nu ọ̀nà. Ọ̀rẹ́ tí Mojíre gbà sílé nígbà tí kò ríbi sùn nìyí o, léèsì Mojíre ló sì wọ̀. "Orúkọ wo? Tèmi ni yóò tẹ̀lé ti ọkọ wa."

Ọ̀rọ̀ náà wọ Mojíre lákínyẹmí ara. Olúmúyìwá kò sì sọ pé irọ́ ni. Síbẹ̀, Mojíre na pépà tó kọ ìlànà iṣẹ́ sí sí i bó ti máa ń ṣe. "Kẹ́ ẹ tó kúrò níbi tí ẹ ti fẹ́ ya iwin, ẹ ya pálọ̀ ibẹ̀ lófìfo. Kí ẹnikẹ́ni má sún kámẹ́rà."

Fàòsíyà já pépà náà gbà, ó fà á ya. "Ta ló ń ya fíìmù ilé òfìfo? Ṣé a fẹ́ tà á ni?" Olúmúyìwá bá a rẹ́rìn-ín, òpè.

Wọ́n ya iwin tó yẹ kó pòórá ní pálọ̀ kan ní Ẹdúnàbọ̀n, wọ́n tú ká. Lọ́sẹ̀ tó tẹ̀lé e, Lágúnjú tó ni fíìmù náà wá wò ó. "Pa iwin yẹn rẹ́ ká rí i," ló wí. Olúmúyìwá tẹ ibí, ó tẹ ọ̀hún. Iwin dúró gbọn-in, ó ń wò wọ́n. Òógùn bo alágbádá.

"Mojíre ló bà á jẹ́," ni Fàòsíyà wí. "Mo fi Kùránì búra!"

Lágúnjú kọjú sí Mojíre. "Wọn ò ya pálọ̀ náà lófìfo, sà," ni Mojíre dáhùn. "Àwòrán ilé tó ṣófo ni mo máa ń fi bo ibi tí èèyàn dúró sí. Lọ́tẹ̀ yìí, kò sí ohun tí mo fẹ́ fi bò ó."

Lágúnjú yíjú sí ọkọ rẹ̀. "Olúmúyìwá, ṣé pépà ìyàwó rẹ lo máa ń yọ́ kà lẹ́yìn mọ́tò nígbà tá a bá ń ya fíìmù? Ọdún mẹ́ta lo fi sọ mí di dìndìnrìn."

Fàòsíyà kò dúró gbọ́ ìyókù. Ẹrù rẹ̀ ti dé Sábó kí oúnjẹ ọ̀sán tó jinná.

Nígbà tí wọ́n padà sí Ẹdúnàbọ̀n láti tún un yà, bàbá tó ṣe iwin ní òun kò ṣe mọ́. Lágúnjú bá ju aṣọ iwin sí Olúmúyìwá tó ba iṣẹ́ jẹ́. Ó wọ̀ ọ́, ó dúró láàrin pálọ̀, ojú ń tì í.

"Ẹ wò mí," ni Mojíre sọ láti ẹ̀yìn kámẹ́rà. "Ó tó. Ẹ jáde."

Olúmúyìwá jáde. Mojíre ya pálọ̀ náà lófìfo, kò sì kánjú.

Nígbà tí fíìmù náà jáde, gbogbo Òkè-Ogbo ló rí ọkùnrin kan tó dúró, tí kò sì sí mọ́. Orúkọ kan ṣoṣo ni wọ́n kọ fún iṣẹ́ idán níparí rẹ̀: Mojíre.