Yìgì Inú Fíìmù

Orí igi ìyeyè ni Mikail wà lọ́jọ́ tí Kifayah kọ́kọ́ rí i, ó gbé kámẹ́rà kọ́rùn, ó ń ya àwọn obìnrin tó ń yan gàrí nísàlẹ̀ ní Lalupon.

"Ẹ̀gbọ́n, ṣé ẹ fẹ́ já sínú agbada ni?" ni Kifayah bi í.

"Tó bá jẹ́ pé ìwọ lo máa yọ mí, n ó já báyìí."

Ọkùnrin yìí, ẹsẹ̀ rẹ̀ kì í gbélé. Bó bá ya fíìmù ọdún ìbílẹ̀ tán lónìí, á di Ìjàyè lọ́la, á máa bi àwọn àgbà ní ìtàn ogun. Òun ló ń kọ eré, òun ló ń yà á. Bí òṣèré ò bá yọjú, á wọṣọ, á ṣe é. Ṣùgbọ́n Lalupon ló máa ń padà sí. Ọkàn Kifayah kì í balẹ̀ títí yóò fi gbọ́ ìró ọ̀kadà rẹ̀.

Nígbà tó fẹ́ ya bí wọ́n ṣe ń so yìgì, ó ní kí Kifayah ṣe ìyàwó, kí Bàbá Roheem tó bí Kifayah ṣe bàbá ìyàwó, kí Ààfáà Mùtíù so ó. Ẹni tó máa ṣe ọkọ ò wá, ni Mikail bá jókòó sípò rẹ̀. Bàbá Roheem ò ṣeré rí. Ìbẹ̀rù mú un gbàgbé orúkọ inú eré.

"Mo fi Kifayah ọmọ mi fún Mikail."

"Mo gbà á," ni Mikail dáhùn, kí eré má baà bàjẹ́.

Ojú Ààfáà yí padà. "Ẹ dúró ná. Yìgì kì í ṣe ohun àwàdà. Owó sàdáákì tẹ́ ẹ fi ṣeré wà nílẹ̀, ẹlẹ́rìí wà. Ó ti so."

"Kí n fọmọ fún alárìnkiri?" ni Bàbá Roheem fi ìbínú sọ. "Mikail, kọ̀ ọ́ sílẹ̀ báyìí."

Mikail kàn yíjú sí Kifayah. Ọ̀rọ̀ bàbá rẹ̀ dun Kifayah dé egungun. Ó fẹ́ràn ọkùnrin yìí, àmọ́ kò fẹ́ fi àṣìṣe dè é.

"Ààfáà, kò sẹ́ni tó bi mí bóyá mo gbà."

Ààfáà mi orí. "Òótọ́ ni, mo gbàgbé. Yìgì ò so nìyẹn. Mikail, o lè máa lọ."

Mikail ò lọ. Ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja síwájú Bàbá Roheem. "Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí wọ́n bi í."

Bàbá Roheem wo ọmọ rẹ̀, ó rí omi lójú rẹ̀. Ó yíjú sí Ààfáà. "Ẹ bi í."

"Kifayah, ṣé o gbà?"

Mikail ni Kifayah kọjú sí. "Ṣé o ó máa fi mí sílé lọ ni?"

"A ó jọ máa lọ ni, olólùfẹ́ mi."

"Mo gbà," ni Kifayah wí.